Àwọn Tó Wà Lóde Ọgbà Ẹ̀wọ̀n

Ọjọ́ Ajé, 8 Oṣù Keje, 2002. Jackson

Renata Sykes kó ooru wọ ọ́fíìsì mi láàárọ̀ yìí, máàpù Tillery lábẹ́ abíyá rẹ̀. Akẹ́kọ̀ọ́ mi ni nígbà kan rí ní yunifásítì yìí. Ó ti di lọ́yà báyìí, kì í sì í mí láàárín gbólóhùn méjì. Àwọn aláwọ̀ dúdú méje ló gbé ẹjọ́ wọn lé e lọ́wọ́. Wọ́n pe ìjọba ìbílẹ̀ Tillery lẹ́jọ́ lórí bó ṣe pín wọ́ọ̀dù rẹ̀ márààrún. Nínú ogún èèyàn tó ń gbé Tillery, mẹ́sàn-án ló jẹ́ dúdú, síbẹ̀ kánsẹ́lọ̀ dúdú kan ṣoṣo ni wọ́n ní.

Èsì ìjọba ìbílẹ̀ kò gùn. Wọ́n ní wọ́ọ̀dù méjì ni dúdú ti pọ̀ ju funfun lọ, Kìíní àti Kẹrin. Bí dúdú kò bá tíì wọlé rí ní Kẹrin, ọ̀lẹ ló ń ṣe àwọn olùdìbò ibẹ̀.

"Wọ́n tiẹ̀ ní ẹ̀rí, mà," ni Renata wí. Ó gbé ìwé kan sórí tábìlì mi bí ẹni tó gbé òkú eku.

Mo mọ ìwé náà kí n tó ka orúkọ ẹni tó kọ ọ́. Dókítà Verlene Hathorn, 1992. Ìgbìmọ̀ kan ló ní kí n yẹ máàpù Tillery wò nígbà náà, mo sì fọwọ́ sí i pé ó tọ́. Ojú ewé kẹrìnlá: nínú ọgọ́rùn-ún àgbà dúdú ní Wọ́ọ̀dù Kẹrin, mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n péré ló jáde dìbò. Ìmọ̀ràn mi: kí wọ́n la àwọn èèyàn náà lọ́yẹ̀ nípa ojúṣe ọmọ ìlú.

"Ẹ̀yin ni mo fẹ́ kẹ́ ẹ jẹ́rìí fún wa," ni Renata wí.

"Pẹ̀lú ìwé tí mo fi gún yín lẹ́yìn yìí?"

"Ta ló tún mọ ibi tí ọ̀bẹ ti wọlé jù yín lọ?"

Mo ní kó fún mi lọ́jọ́ mẹ́ta. Epo mọ́tò ti di dólà kan àti sẹ́ǹtì mọ́kàndínlógójì. Ẹ̀rọ amúlétutù ọ́fíìsì tún ti dákẹ́.

Ọjọ́rú, 10 Oṣù Keje

Mo rí i. Ogójì ìṣẹ́jú ló gbà mí, ohun tí mi ò rí fún ọdún mẹ́wàá.

Ọgbà ẹ̀wọ̀n ìpínlẹ̀ wà láàárín Wọ́ọ̀dù Kẹrin. Ibi tí ẹlẹ́wọ̀n bá ń sùn ni àwọn akànìyàn ti ń kà á. Nítorí náà, àwọn 1,510 tó wà lẹ́yìn wáyà, tí wọ́n kó wá láti Jackson, láti Gulfport, láti ibi gbogbo tí kì í ṣe Tillery, gbogbo wọn ló jẹ́ ará Wọ́ọ̀dù Kẹrin nínú ìwé. Wọn ò lè dìbò. Wọn ò lè ra iyọ̀ ní ìsọ̀ kankan níbẹ̀. Ṣùgbọ́n wọ́n kún wọ́ọ̀dù náà, bí ìgbà tí èèyàn rọ òkúta sínú àpò ẹ̀wà kó tó gbé e sórí ìwọ̀n.

3,690 ni àwọn ará Kẹrin nínú ìwé, 2,070 nínú wọn sì jẹ́ dúdú. Lójú ẹni tó bá ń wò ó láti ìdí tábìlì, wọ́ọ̀dù dúdú nìyẹn. Yọ àwọn ẹlẹ́wọ̀n kúrò: 2,180 ló kù lóde. Bí funfun bá pọ̀ jù nínú 2,180 yìí, a jẹ́ pé àwọn ẹlẹ́wọ̀n dúdú ni wọ́n fi ń bu iyì kún ìbò àwọn funfun, tí wọ́n sì ń pè é ní oore fún wa.

Ojú ewé kẹrìnlá ló dùn mí jù. Mo pín iye àwọn tó dìbò sórí gbogbo àgbà dúdú, àtẹni tó wà lóde àtẹni tó wà lẹ́yìn wáyà. Mo bá ẹni tí wọ́n tì mọ́lé wí pé kò jáde. Mi ò tíì dé Tillery rí nígbà tí mo kọ ọ́. Ìdí tábìlì yìí ni mo jókòó sí.

Ọjọ́bọ̀, 11 Oṣù Keje

Mo pe Renata, mo ní mo gbà. Ó pariwo débi pé mo ní láti gbé fóònù jìnnà sí etí.

Ọjọ́ Ajé, 15 Oṣù Keje. Tillery

Díákónì Ezell Buckhalter ni orúkọ rẹ̀ ṣáájú nínú àwọn méje tó pẹjọ́. Ẹni ọdún mẹ́rìndínlọ́gọ́rin ni. Ó ti du ipò kánsẹ́lọ̀ Kẹrin lẹ́ẹ̀mejì, ó sì ti fìdí rẹmi lẹ́ẹ̀mejì. Ìyàwó rẹ̀, Miss Arzula, gbé tíì tútù fún mi lábẹ́ ọ̀ọ̀dẹ̀, kò rẹ́rìn-ín sí mi, ó sì jókòó síbi tó ti lè máa wò mí.

Mo ti pinnu pé màá jẹ́wọ́ kí n tó fẹnu kan ohunkóhun. "Díákónì, ìwé kan wà tí mo kọ lọ́dún 1992..."

"Mo mọ̀ ọ́n," ló wí. "Wọ́n kà á sí wa létí ní ìpàdé ìjọba ìbílẹ̀. Ẹni tó kà á ń sinmi níbi tó bá ti dùn mọ́ ọn."

Mo gbé ife tíì sílẹ̀ láìfẹnu kàn án.

"Jẹ́ kí n ròyìn ọjọ́ ìdìbò tó wà nínú ìwé rẹ yẹn fún ọ, Dókítà. Ìgbà mọ́kànlá ni mo fi ọkọ̀ akẹ́rù mi kó èèyàn lọ síbi ìdìbò. Ní ìgbà kọkànlá, ẹ́ńjìnnì kú sórí afárá. Màmá Cleotha Gaines ló jókòó níwájú, ẹni ọdún mọ́kànléláàádọ́rùn-ún. Ó bọ́ sílẹ̀, ó fẹsẹ̀ rìn ín débẹ̀. Ó ní ìdìbò lòun múra fún, òun ò múra fún afárá. Oṣù díẹ̀ lẹ́yìn náà ni wọ́n ní dókítà kan ní Jackson sọ pé a ò jáde."

"Ezell," ni Miss Arzula wí, "jẹ́ kí obìnrin yẹn mu tíì ẹ̀."

"Ṣé mo dì í lẹ́nu ni?" Ó yíjú sí mi. "Ta ló da omi sílẹ̀ nínú ilé yìí?"

Mo mọ̀ pé kì í ṣe omi ló ní lọ́kàn. "Èmi ni, sà."

"Ó dáa. Lọ gbé àkísà."

Ọjọ́ Ẹtì, 19 Oṣù Keje

Lẹ́tà dé láti ọgbà ẹ̀wọ̀n. Wọn ò lè sọ iye ẹlẹ́wọ̀n tó jẹ́ dúdú àti iye tó jẹ́ funfun, "nítorí ọ̀rọ̀ ààbò." Lọ́jọ́ kan náà ni lọ́yà ìjọba ìbílẹ̀, Ọ̀gbẹ́ni Whitcomb Lyle, kọ̀wé sí Renata pé bí kò bá sí iye yẹn, àbá lásán ni gbogbo ohun tí mò ń sọ. Lẹ́tà méjèèjì dé bí ẹni pé ọkọ̀ kan náà ló gbé wọn.

Kò burú. Bí wọn ò bá fẹ́ sọ iye àwọn tó wà nínú, màá ka àwọn tó wà lóde. A ti mọ̀ pé 2,180 ni wọ́n. Mélòó nínú wọn ló jẹ́ dúdú? Màá lọ láti ilé dé ilé. Ohun tó bá ṣẹ́ kù nínú 2,070, inú ọgbà ni wọ́n wà, ì báà wu ọ̀gá wọn, ì báà má wù ú.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 23 Oṣù Keje

Lónìí ni mo kọ́ ohun tí kò sí nínú ìwé tí mo fi gboyè. Mo gbé pátákó ìkọ̀wé kékeré tí ìwé há mọ́ dání, mo kan ilẹ̀kùn mẹ́fà. Kò sẹ́ni tó dáhùn, bẹ́ẹ̀ aṣọ ojú fèrèsé ń mì. Ní Tillery, ẹni tó bá gbé pátákó ìkọ̀wé wọ àgbàlá rẹ, ilẹ̀ rẹ ló wá gbà.

Díákónì jókòó sínú ọkọ̀, ó ń rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. "O ti ṣe tán? Ó kù kó o so báàjì mọ́yà. Gbé nǹkan yẹn sábẹ́ àga." Ó wakọ̀ dé ilé tó kàn, ó tẹ fèrè lẹ́ẹ̀mejì, kò sì sọ̀kalẹ̀ títí obìnrin kan fi yọjú sẹ́nu ọ̀nà.

"Ezell Buckhalter! Ta lo tún gbé kiri yìí? Ìyàwó kejì?"

"Ṣé o fẹ́ kí Arzula yìnbọn fún mi ni? Ọmọ Rẹ́fúrẹ́ǹdì Hathorn ni, ti apá Copiah."

"Hathorn tó sanra yẹn? Tó máa ń kọrin títí oúnjẹ á fi tutù? Ẹ wọlé, ẹ wọlé!"

A jókòó. A jẹ tòmátì tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ já, pẹ̀lú iyọ̀. A sọ ọ̀rọ̀ orúnkún rẹ̀, a sọ ti ọmọ rẹ̀ tó wà ní Chicago. Ìgbà yẹn ni mo tó bi í pé èèyàn mélòó ló ń sùn nínú ilé yìí nígbà tí wọ́n kànìyàn. Mẹ́rin. Ó dárúkọ wọn fún mi lọ́kọ̀ọ̀kan.

Ilé mẹ́rìnlá lónìí. Bí mo bá ń bá a lọ báyìí, ọdún Kérésì ni màá parí.

Ọjọ́ Ajé, 29 Oṣù Keje

Ilé mọ́kàndínlógún. Ajá bù mí jẹ ní aṣọ, kò dé ara.

Ọjọ́ Ajé, 5 Oṣù Kẹjọ

Òjò ọjọ́ mẹ́rin. Odò ti gun ojú ọ̀nà, a ò lè dé ìhà kejì wọ́ọ̀dù, bẹ́ẹ̀ ìdajì àwọn ilé náà ló wà níbẹ̀. Ọjọ́ kẹtàlá oṣù tó ń bọ̀ ni ìròyìn mi gbọ́dọ̀ dé iwájú ilé ẹjọ́.

Mo ti rí ọgbọ́n dá sí i. Lánàá, mo lọ sí ìsìn ní ìjọ Mount Nebo, akọ̀wé wọn sì fún mi ní ìwé tí orúkọ ìdílé kọ̀ọ̀kan wà, àti ọmọ wọn àti àgbà wọn. Ìjọ Pilgrim Rest náà ní irú rẹ̀, wọ́n ti ṣèlérí rẹ̀. Kò sí ìdílé dúdú kan ní ìhà kejì odò tí kò sí nínú ọ̀kan nínú ìjọ méjèèjì. Mo lè parí iṣẹ́ yìí láìtẹ ẹrẹ̀.

Ọjọ́bọ̀, 8 Oṣù Kẹjọ. Jackson

1,102.

Mo rò ó lẹ́ẹ̀mẹta. Nínú 2,180 tó wà lóde, 1,102 jẹ́ dúdú. Ó fi díẹ̀ lé ní ìdajì. Wọ́ọ̀dù dúdú ni Kẹrin, pẹ̀lú ẹlẹ́wọ̀n tàbí láìsí ẹlẹ́wọ̀n. Àṣìṣe mi lọ́dún 1992 kò tó bí mo ṣe rò.

Mo pe Renata. Fún ìgbà àkọ́kọ́ láti ìgbà tí mo ti mọ̀ ọ́n, ó mí kó tó fọhùn.

"Tó bá rí bẹ́ẹ̀, mà," ló wí níkẹyìn, "a ò lẹ́jọ́ mọ́."

"Iye ni iye, Renata."

Ìwé yìí kò ní ẹlòmíràn tí yóò kà á, nítorí náà màá kọ òtítọ́ sínú rẹ̀: inú mi dùn. Mo ra áísìkiriìmù lọ́nà ilé, mo jókòó sínú ọkọ̀, mo lá a tán.

Ọjọ́ Àìkú, 11 Oṣù Kẹjọ. Tillery

Àjọ̀dún ìpadàbọ̀ ọmọ ilé ní Pilgrim Rest. Ọkọ̀ tó gba nọ́ńbà Illinois àti Michigan kún inú koríko. Mo lọ torí pé mo jẹ Díákónì ní gbèsè àlàyé. Mo fẹ́ sọ iye náà fún un lójúkojú.

Àárín orin kejì ni mo rí obìnrin kan láàárín àwọn akọrin, tó dé fìlà aláwọ̀ ìyeyè tó fẹ̀ bí àwo. Ọjọ́ Àìkú tó kọjá, obìnrin yìí gan-an, pẹ̀lú fìlà yìí gan-an, ló fi mí jókòó ní Mount Nebo. Mo wo àga tó tẹ̀ lé e. Mo wo àwọn díákónì tó jókòó níwájú. Mo wo Miss Arzula. Àwọn tí mo rí ní Mount Nebo ni gbogbo wọn.

Nígbà tí wọ́n ń bu oúnjẹ lábẹ́ igi, mo fa Díákónì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

"Ẹ jọ̀ọ́ sà, ìjọ wo lẹ wà gan-an?"

"Àwa? Mount Nebo ní Sunday kìíní àti ìkẹta. Pilgrim Rest ní ìkejì àti ìkẹrin. Pásítọ̀ kan náà ló ń lọ káàkiri. Níbo ni kí n wà ní Sunday kejì, kí n jókòó máa wo tẹlifíṣọ̀n?"

"Orúkọ yín wà nínú ìwé ìjọ méjèèjì?"

"Ọrẹ mi ń wọ àpótí méjèèjì. Kí ló máa ṣe orúkọ mi?" Lẹ́yìn náà ló wò mí dáadáa. "Dókítà. Má sọ fún mi pé o kà mí lẹ́ẹ̀mejì."

"Mo kà yín lẹ́ẹ̀mejì, sà."

"Arzula! Wá wò ó! Dókítà ti fún ọ ní ọkọ méjì, èmi ni méjèèjì!"

Miss Arzula kò gbé ojú kúrò lára adìẹ tó ń bù. "Ọ̀kan náà ti sú mi."

Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n oúnjẹ kò dùn lẹ́nu mi. Ọmọ oníwàásù ni mí. Bàbá mi ní ìjọ mẹ́rin, ọ̀sẹ̀ kan fún ọ̀kọ̀ọ̀kan. Àwọn èèyàn kan náà ló ń tẹ̀ lé e láti ìjọ dé ìjọ, mo mọ bàtà wọn. Ọgbọ̀n ọdún ní Jackson, níbi tí ṣọ́ọ̀ṣì ń ṣí lọ́jọ́ Àìkú gbogbo, ti pa á rẹ́ lórí mi. Kì í sì í ṣe ìgbàgbé nìkan. Iye náà dá mi láre, mi ò sì bi í léèrè ibi tó ti wá.

Ọjọ́ Ajé, 12 Oṣù Kẹjọ

Mo ní kí Renata fa 1,102 ya. Ó ní ṣé kí n kàn yọ àwọn tó wà nínú ìwé méjèèjì kúrò ni? Rárá. Èmi náà ti rí wọn: 212. Ṣùgbọ́n mi ò tún ní ka ìwé dípò èèyàn mọ́. Lyle ì bá rí àṣìṣe yìí láàárín ọ̀sẹ̀ kan, ì bá sì fi fá mi lórí níwájú adájọ́. Odò ti ń fà. Ilé dé ilé.

Ọjọ́ Ẹtì, 16 Oṣù Kẹjọ

Ilé mọ́kànlélógún. Ẹ̀wà tútù, ilá, búrẹ́dì àgbàdo, lẹ́ẹ̀mẹrin lóòjọ́. Mo ti ń sanra bíi bàbá mi.

Ọjọ́ Ẹtì, 30 Oṣù Kẹjọ

Ilé tó gbẹ̀yìn wà ní eteetí oko òwú, bàbá arúgbó kan àti ọmọ-ọmọ rẹ̀ obìnrin méjì. Mẹ́ta. Mo kọ ọ́ sílẹ̀, Díákónì sì pa ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ kí n lè ro ó pọ̀ lórí itan mi.

890.

Iye tí ìwé méjèèjì ì bá fún mi nìyẹn bí mo bá yọ 212 kúrò, síbẹ̀ mi ò kábàámọ̀ ilé kankan. Nísinsìnyí mo lè sọ orúkọ wọn. 890 nínú 2,180: mọ́kànlélógójì nínú ọgọ́rùn-ún. Wọ́ọ̀dù funfun ni. Àwọn 1,180 tó kù, lẹ́yìn wáyà ni wọ́n wà.

"Ṣé ìyẹn dára fún wa?" ni Díákónì bi mí.

"Ó dára fún ẹjọ́ yín. Ó burú fún orúkọ mi."

"Orúkọ a máa yè é," ló wí, ó sì ṣáná sí ọkọ̀.

Ọjọ́rú, 4 Oṣù Kẹsàn-án

Ọjọ́ méjì ni a fi jókòó ti ìwé tí àwọn olùdìbò fọwọ́ sí lọ́dún 1999, èmi, Díákónì àti Miss Arzula. Ìwé náà kò sọ ẹni tó jẹ́ dúdú àti ẹni tó jẹ́ funfun. Àwọn méjèèjì ló sọ ọ́, orúkọ kan lẹ́yìn òmíràn, mo sì ń yẹ ẹ́ wò pẹ̀lú àwọn ilé tí mo ti kà.

Àgbà dúdú 440 ló dìbò lọ́jọ́ náà. Bí mo bá ṣe é bí mo ṣe ṣe é lọ́dún 1992, tí mo ka àwọn ẹlẹ́wọ̀n mọ́ wọn, mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n nínú ọgọ́rùn-ún ló jáde. Iye ti ọdún 1992 náà gẹ́lẹ́. Bí mo bá ka àwọn tí ilẹ̀kùn wọn ṣí, àgbà 560 ni wọ́n: mọ́kàndínlọ́gọ́rin nínú ọgọ́rùn-ún. Mi ò rí wọ́ọ̀dù funfun kan ní Tillery tó dé ibẹ̀.

Mo yí ìwé náà sí Miss Arzula, mo fi ìka tọ́ka sí i. Ó gbé awò ojú wọ̀. Ó pẹ́ lórí rẹ̀.

"Kọ ọ́ kó tóbi," ló wí.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 10 Oṣù Kẹsàn-án. Jackson

Èmi àti Renata ti fẹ́rẹ̀ẹ́ jà. Mo fi 1992 sí ojú ewé àkọ́kọ́ ìròyìn mi: ohun tí mo sọ, ìdí tó fi jẹ́ àṣìṣe, àti àwọn tí mo ṣẹ̀.

"Mà, ẹ fi sẹ́yìn. Ẹ fi sínú àlàyé ìsàlẹ̀ ìwé. Kí ló dé tẹ́ ẹ fi ń gbé pàṣán lé Lyle lọ́wọ́?"

"Ó ti wà lọ́wọ́ ẹ̀. Ìwọ lo gbé ìwé náà wá bá mi, ṣé o ti gbàgbé?"

"Adájọ́ lè ní kẹ́ ẹ má jẹ́rìí mọ́. Tó bá yọ yín, kò sí àkókò láti wá ẹlòmíràn. Àwọn èèyàn méje yìí á pàdánù."

Èyí ló dá mi dúró. Mo rìn yí ọgbà ilé ẹ̀kọ́ ká. Nígbà tí mo padà, mo sọ fún un pé ọdún mẹ́wàá ni wọ́n fi ìwé mi pe àwọn èèyàn wọ̀nyí ní ọ̀lẹ ní gbangba. Mi ò ní tọrọ àforíjì nínú àlàyé ìsàlẹ̀ ìwé. Kó pe àwọn méjèèje, kó bi wọ́n. Bí ẹnì kan nínú wọn bá ní rárá, màá gbé e sẹ́yìn.

Ó pè wọ́n. Àwọn méjèèje ní kí n fi síwájú. Díákónì ní kí n kọ ọ́ kó tóbi.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 24 Oṣù Kẹsàn-án

Ohun tí Renata bẹ̀rù ti dé. Lyle ti bẹ ilé ẹjọ́ pé kí wọ́n yọ mí: "ẹlẹ́rìí tó fẹnu ara rẹ̀ sọ pé òun kò ṣeé gbẹ́kẹ̀ lé." Adájọ́ ní òun yóò gbọ́ mi ná, kí òun tó pinnu. Ìjì ń bọ̀ láti etí òkun. Omi inú ike ti tán ní gbogbo ìsọ̀.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 8 Oṣù Kẹwàá

Wákàtí mẹ́rin lórí àga ẹlẹ́rìí. Màá kọ àwọn ohun tí mi ò fẹ́ gbàgbé.

Lyle ní ohùn jẹ́jẹ́, ohùn ẹni tó ń bá aláìsàn sọ̀rọ̀. "Ìyáàfin Hathorn..."

"Dókítà."

"Dókítà Hathorn. Lọ́dún 1992 ẹ ní dúdú ni wọ́ọ̀dù yìí. Lónìí ẹ ní funfun ni. Ìgbà wo lẹ̀ ń parọ́?"

"Lọ́dún 1992 mo ṣàṣìṣe. Irọ́ ni ohun tí èèyàn bá ṣì ń sọ lẹ́yìn tó ti mọ̀ pé kì í ṣe òtítọ́. Ìròyìn mi ti wà lọ́wọ́ yín láti ọjọ́ kẹtàlá oṣù tó kọjá."

Àwọn tó jókòó lẹ́yìn hó. Adájọ́ kan tábìlì.

Lẹ́yìn náà ló gbé èyí tó ti ń tọ́jú jáde. "Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti fi gbogbo ayé yín jà fún ìdọ́gba, ẹ wá ń sọ fún ilé ẹjọ́ yìí pé ká má ka àwọn ọkùnrin dúdú 1,180 sí èèyàn?"

Ìbéèrè rere ni. Mi ò bínú sí i. Mo yíjú sí adájọ́, mo sì ṣàlàyé bí mo ṣe ń ṣàlàyé fún àwọn ọmọ ọdún kìíní. "Ẹ kà wọ́n, Olúwa mi. Ẹ kà wọ́n ní ilé wọn, níbi tí ìyá wọn ń gbé, níbi tí wọ́n ń padà sí. Kò sí kánsẹ́lọ̀ Wọ́ọ̀dù Kẹrin kan tó tíì bẹ̀ wọ́n wò rí pé kí ni wọ́n ń fẹ́. Èèyàn ni wọ́n. Ìdí nìyẹn tí kò fi yẹ ká fi wọ́n ṣe òkúta orí ìwọ̀n."

"Báwo la ṣe fẹ́ mọ̀ pé ẹ ò tún ṣàṣìṣe lọ́tẹ̀ yìí?" ni Lyle wí.

"Mo ti ṣe é lẹ́ẹ̀kan nínú oṣù kẹjọ. Ó wà ní ojú ewé kẹsàn-án. Mo ka àwọn kan lẹ́ẹ̀mejì." Mo sọ ti Sunday kìíní àti ìkejì fún un. Adájọ́ fọwọ́ bo ẹnu. Bóyá ìgbèríko ni wọ́n ti tọ́ òun náà. "Lẹ́yìn ìyẹn mo kan gbogbo ilẹ̀kùn. Àtẹ àwọn ilé náà wà níwájú yín, Ọ̀gbẹ́ni Lyle. Ẹ mú èyí tó bá wù yín níbẹ̀, ká jọ lọ lọ́sàn-án yìí. Ilé wo lẹ ti dé nínú wọn?"

Ó ní òun lòun ń béèrè ìbéèrè. Ṣùgbọ́n gbogbo ilé ẹjọ́ ti gbọ́ ìdáhùn rẹ̀.

Lóde, Díákónì bọ̀ mí lọ́wọ́. "O ò tiẹ̀ dúró mí."

"Ọ̀dọ̀ Renata ni mo ti kọ́ ọ, sà."

Ọjọ́ Ẹtì, 15 Oṣù Kọkànlá

A borí.

Máàpù Tillery ti wó. Kí ìdìbò ọdún tó ń bọ̀ tó dé, wọ́n gbọ́dọ̀ tún wọ́ọ̀dù márààrún pín, láìka ẹlẹ́wọ̀n. Adájọ́ gba 890 bí mo ṣe kọ ọ́, ó sì kọ 440 àti 560 sínú ìdájọ́ rẹ̀. Ọ̀lẹ ti kúrò lórí Wọ́ọ̀dù Kẹrin nínú ìwé ilé ẹjọ́.

Renata kà á fún mi lórí fóònù. Nígbà tó dé ojú ewé kọkànlélọ́gbọ̀n, ó dúró.

"Ohun kan wà níbí nípa yín, mà. Mo lè fò ó."

"Kà á."

"'Èrò tí Dókítà Hathorn gbé kalẹ̀ lọ́dún 1992 kì í ṣe ohun tí ilé ẹjọ́ kankan gbọ́dọ̀ gbára lé.'"

Mo rẹ́rìn-ín títí ó fi ń bi mí bóyá ara mi yá. Nínú gbogbo ìdájọ́ tí mo ti kà láyé mi, gbólóhùn kan ṣoṣo tí èmi ì bá fọwọ́ ara mi kọ nìyẹn.

Díákónì pè ní ìrọ̀lẹ́. Ó ní òun máa du ipò náà lẹ́ẹ̀kẹta. Mo gbọ́ Miss Arzula lẹ́yìn rẹ̀: "Sọ fún un pé mo ní kó kọ́kọ́ ra táyà!"

Ọjọ́ Ajé, 18 Oṣù Kọkànlá

Mo ṣí kọ́bọ́ọ̀dù irin láàárọ̀ yìí. Tillery nìkan kọ́ ni mo fọwọ́ sí láyé ọjọ́un. Ìjọba ìbílẹ̀ mẹ́jọ mìíràn wà níbẹ̀, tí mo yẹ máàpù wọn wò láti ìdí tábìlì yìí, lọ́nà kan náà. Mo tẹ́ wọn sílẹ̀ yí mi ká. Ọgbà ẹ̀wọ̀n wà nínú mẹ́ta.

Kò sẹ́ni tó bi mí. Kò sẹ́ni tó pẹjọ́ níbẹ̀. Renata ní tí mo bá fi irú ìwé báyìí ránṣẹ́, kò ní sí ilé ẹjọ́ tí mo máa tún wọ̀ láyé mi tí wọn ò ní fi í gbá mi lójú.

"Jẹ́ kí wọ́n máa gbá mi," ni mo wí.

Lẹ́tà àkọ́kọ́, sí ọ̀kan nínú mẹ́ta yẹn, ti wà nínú àpò ìwé. Ó kúrú:

*Sí àwọn olùdìbò Wọ́ọ̀dù Kejì. Lọ́dún 1993 mo fọwọ́ sí i pé wọ́n pín ìjọba ìbílẹ̀ yín bó ṣe tọ́. Kò tọ́. Mo ka àwọn tí wọ́n tì mọ́lé láàárín yín, mo sì sọ pé ẹ̀yin lẹ kò jáde. Èmi ni mo ṣe é. Mo mọ bí a ṣe ń tún un ṣe, mi ò sì gba kọ́bọ̀. Ẹ ní kí ẹnì kan tí ẹ mọ̀ wá dúró dè mí pẹ̀lú ọkọ̀.*

Mo fi ẹ̀dà kan ránṣẹ́ sí lọ́yà ìjọba ìbílẹ̀ wọn, kó má bàa sọ pé òun ò gbọ́.